Ọjà Orí Íntánẹ́ẹ̀tì: Bí A Bá Ti Já Ọ̀rá Ara Gèémù, Ṣé A Ṣì Lè Dá A Padà?

Inú ìgbìmọ̀ kò dùn sí ariwo tí ó ṣẹlẹ̀ ní ìpàdé wa tí ó kọjá, ṣùgbọ́n a kò lè sọ pé ariwo náà kò wúlò. Ọ̀rọ̀ síídì gèémù kan ṣoṣo ni ó gba wákàtí kan ààbọ̀ mọ́ wa lọ́wọ́, tí a kò fi ráyè ka ìṣirò owó ẹ̀yáwó tán. Ọ̀pọ̀ nínú yín ni ó ní kí akọ̀wé lọ wádìí ọ̀rọ̀ náà dáadáa, kí a sì kọ ọ́ sínú ìwé ìròyìn yìí. A ti wádìí, ohun tí a rí nìyí.

Nítorí àwọn tí kò wá sí ìpàdé, ẹ jẹ́ kí á bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀. Ọ̀kan nínú àwọn màmá wa tí ń ta àǹkárá ní Gbági ṣèlérí fún ọmọ rẹ̀ ọkùnrin pé bí ó bá yege ìdánwò rẹ̀, òun yóò ra gèémù bọ́ọ̀lù tuntun fún un. Ọmọ yege. Ẹ̀rọ PS4 wà nílé wọn, ẹ̀gbọ́n ọmọ náà ni ó fi í sílẹ̀ nígbà tí ó ń lọ sí ilé-ìwé gíga. Màmá lọ sí orí fóònù, ó rí gèémù náà ní ọ̀kan nínú àwọn ọjà orí íntánẹ́ẹ̀tì, wọ́n kọ PS4 sí i gàdàgbà, ó sì san ₦42,000 kí wọ́n tó gbé ọjà wá. Ní ọjọ́ kẹrin, ọlọ́kadà kan gbé e dé ṣọ́ọ̀bù. Màmá ń ka aṣọ fún oníbàárà lọ́wọ́, ó kàn gba nǹkan náà, ó jù ú sínú báàgì. Nígbà tí ó délé lálẹ́, ọmọ ti já ọ̀rá ara rẹ̀ kí ìyá rẹ̀ tó bọ́ bàtà. Ó ti síídì bọ inú ẹ̀rọ, ẹ̀rọ kọ̀, kò kà á. Ìgbà yẹn ni wọ́n tó yẹ páálí wò. PS5 ni wọ́n kọ sí i.

Ẹ jẹ́ kí á ṣàlàyé èyí fún àwọn tí kò mọ̀ nípa ẹ̀rọ yìí (àwa náà kò mọ̀ tẹ́lẹ̀ o, àwọn ọmọ ilé wa ni ó là wá lóye). Ilé-iṣẹ́ Sony ni ó ṣe méjèèjì. PS4 jáde ní 2013, PS5 jáde ní 2020. Síídì PS4 lè ṣiṣẹ́ nínú PS5 tí ó bá ní ẹnu síídì, ṣùgbọ́n síídì PS5 kò lè ṣiṣẹ́ nínú PS4. Kò sí àtúnṣe tí oníṣẹ́ ẹ̀rọ lè ṣe sí i. Nítorí náà, ₦42,000 màmá wa di ohun tí a fi ń wo àwòrán ara páálí.

Màmá kọ̀wé sí àwọn tí ó ta ọjà náà. Èsì wọn kò gùn: ẹ ti já a, a kì í gba gèémù tí wọ́n bá ti já. Ó pè wọ́n lórí fóònù. Ẹni tí ó gbé e ní kí ó lọ ka òfin àwọn. Màmá ní òun kò rí òfin kankan nígbà tí òun ń sanwó. Ẹni náà ní ó wà níbẹ̀ o, ní ìsàlẹ̀ pátápátá.

Ọ̀rọ̀ tí màmá wa gbé wá sí ìpàdé nìyẹn, a sì rò pé a ó kàn bá a kẹ́dùn ni, kí a kọjá sí orí ìṣirò. Àfi bí àbúrò wa kan tí òun náà ń ta fóònù àti gèémù ṣe dìde. Ó ní, "Mà, ẹ má bínú sí ohun tí mo fẹ́ sọ. Ẹ ò mọ ohun tí ojú àwa tí à ń tà á ń rí." Ó ní oníbàárà kan ra gèémù lọ́wọ́ òun ní ọjọ́ Jímọ̀, ó gbá a tán láàrin Sátidé àti Sọ́ńdè, ó gbé e padà wá ní Mọ́ńdè pé kò ṣiṣẹ́. Òun gbà á, òun dá owó padà nítorí àlàáfíà. Òun kò ṣí páálí wò. Nígbà tí òun tà á fún ẹlòmíràn, síídì àtijọ́ kan tí ara rẹ̀ ti há ni wọ́n bá nínú rẹ̀. "Ẹni tó rà á lẹ́yìn náà pariwo lé mi lórí láàrin ọjà, èmi ni wọ́n pè lólè. Màmá, ṣé ẹ̀yin náà á gba ọ̀pá mẹ́fà tí télọ̀ ti gé?"

Gbogbo ilé dákẹ́. Màmá wa náà kò sì jẹ́ kí ó pẹ́: "Télọ̀ gé e, mi ò ní gbà á. Ṣùgbọ́n bí mo bá gbé àdìrẹ fún ẹni tó sanwó àǹkárá, tí mo dì í sínú ọ̀rá, tó délé kó tó já a, ṣé mo lè ní kó má dá a padà torí pé ó já ọ̀rá?"

Ibẹ̀ ni ariwo ti bẹ́.

Nígbà tí a délé tí a tún ọ̀rọ̀ náà rò, a rí i pé àwọn méjèèjì ni ó jàre, nítorí pé ọ̀tọ̀ ni ẹjọ́ tí ẹnì kọ̀ọ̀kan ń rò. Àbúrò wa ń sọ ti ẹni tí ó ra ohun tí ó dára, tí ó lò ó tán, tí ó wá ń fẹ́ owó rẹ̀ padà. Màmá ń sọ ti ẹni tí wọn kò fún ní ohun tí ó rà rárá. Ọ̀rá kan náà ni wọ́n jọ já, ṣùgbọ́n ẹ̀tọ́ wọn kò rí bákan náà, yálà ní ìlú yìí tàbí ní ìlú òyìnbó.

Kí ni ọ̀rá yìí tilẹ̀ ń ṣe lára gèémù? Àwọn tí ó ti dàgbà nínú wa yóò rántí kásẹ́ẹ̀tì. Ẹnì kan yóò ra kásẹ́ẹ̀tì olórin, yóò mú rédíò ẹlẹ́nu méjì, kí ilẹ̀ tó mọ́, gbogbo àdúgbò ti ní i. Bẹ́ẹ̀ náà ni ti gèémù rí ní Ìlú Ọba. Ní 1982 ni ẹ̀rọ kékeré kan tí wọ́n ń pè ní ZX Spectrum jáde níbẹ̀, inú kásẹ́ẹ̀tì gidi ni wọ́n sì ń ta gèémù rẹ̀ sí. Ọmọ ilé-ìwé lè rà á láàárọ̀, kí ó dà á kọ lọ́sàn-án, kí ó gbé e padà nírọ̀lẹ́ pé kò dára. Ọ̀rá tí a kò tíì já ni ẹlẹ́rìí tí oníṣòwò ní pé ẹnikẹ́ni kò tíì dà á kọ.

Síídì òde òní ṣòro láti dà kọ fún ẹni tí kì í ṣe ògbóǹtagí. Ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ gèémù wà tí ó jẹ́ ìtàn, bí ènìyàn bá ti gbá a dé òpin, ó tán, kò nílò rẹ̀ mọ́. Èyí tí ó tún burú jù ni pé nínú páálí mìíràn kò sí síídì rárá. Ìwé pélébé kan tí wọ́n kọ nọ́ńbà sí ni ẹ ó bá níbẹ̀. Bí ènìyàn bá ti tẹ nọ́ńbà náà sínú ẹ̀rọ rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, kò tún lè ṣiṣẹ́ fún ẹlòmíràn. Ẹni tí ó bá gba irú rẹ̀ padà, páálí òfìfo ni ó gbà. Nítorí náà, kí a má rò pé ìwà ìkà lásán ni ó ń mú àwọn tí ń tà á wo ọ̀rá.

Àwọn tí ọmọ wọn wà ní London, tí wọ́n máa ń ní kí wọ́n bá àwọn ra nǹkan, ẹ fetí sí èyí. Láti oṣù kẹfà 2014 ni òfin kan ti wà níbẹ̀ pé ẹni tí ó ra ọjà láti òkèèrè, ìbáà ṣe lórí íntánẹ́ẹ̀tì tàbí fóònù, lè yí ọkàn padà láàrin ọjọ́ 14 tí ọjà bá dé ọwọ́ rẹ̀, kò sì ní láti sọ ìdí. Òfin tí ó wà ṣáájú rẹ̀, èyí tí wọ́n ṣe ní 2000, ọjọ́ iṣẹ́ méje ni ó fún wọn. Àmọ́ òfin 2014 náà fi ẹnu ara rẹ̀ yọ ohun kan sílẹ̀: síídì orin, síídì fíìmù àti ohun èlò kọ̀ǹpútà tí wọ́n dì pa, bí olùrà bá ti já a lẹ́yìn tí ó dé ọwọ́ rẹ̀, ẹ̀tọ́ àtiyí ọkàn padà ti lọ. Gèémù wà nínú ìyẹn. Ṣùgbọ́n òfin mìíràn tún wà níbẹ̀ tí ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní oṣù kẹwàá 2015. Ìyẹn sọ pé ọjà gbọ́dọ̀ dára, ó gbọ́dọ̀ bá àpèjúwe rẹ̀ mu, bí kò bá sì rí bẹ́ẹ̀, olùrà ní ọjọ́ 30 láti kọ̀ ọ́ kí ó sì gba gbogbo owó rẹ̀. Jíjá ọ̀rá kò pa ẹ̀tọ́ yìí. Báwo ni ènìyàn yóò ṣe mọ̀ pé síídì kò ṣiṣẹ́ bí kò bá kọ́kọ́ já ọ̀rá rẹ̀?

Ní Amẹ́ríkà, kò sí òfin ìjọba àpapọ̀ tí ó ní kí ṣọ́ọ̀bù gba ọjà tí kò ní àléébù padà. Ohun tí oníkálùkù bá kọ síbẹ̀ ni. Ọ̀pọ̀ wọn ni yóò fi irú gèémù kan náà pààrọ̀ èyí tí ó bàjẹ́ fún yín, wọn kò sì ní fún yín ní owó.

Ó wá ku ilé. Ọ̀pọ̀ nínú yín ni ó sọ ní ìpàdé pé kò sí òfin kankan ní Nàìjíríà lórí irú ọ̀rọ̀ báyìí. Ó wà o. Òfin tí ó dá àjọ FCCPC sílẹ̀, tí wọ́n ń pè ní òfin 2018, ní ìpín kan, ìpín 122, tí ó dá lórí dídá ọjà padà. Bí a bá rọ ọ́ sí èdè wa, ó ní bí olùrà kò bá ní àǹfààní láti yẹ ọjà wò kí wọ́n tó gbé e wá, tí ọjà náà kò sì rí bí ó ti yẹ, ó lè kọ̀ ọ́ láàrin àsìkò tí ó bójú mu kí ó sì gba owó rẹ̀ padà pátápátá. Bẹ́ẹ̀ náà ni bí ó bá ti sọ fún ẹni tí ń tà á pé iṣẹ́ báyìí ni òun fẹ́ fi í ṣe, tí ọjà náà kò sì lè ṣe iṣẹ́ náà. Kí òfin yìí tó dé pàápàá, òfin ọjà títà tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì ṣe ní 1893, tí ó wọ ilẹ̀ wa láti ayé ìjọba wọn, ti sọ pé ọjà tí a bá fi àpèjúwe tà gbọ́dọ̀ bá àpèjúwe náà mu. Wọ́n kọ PS4, wọ́n gbé PS5 wá. Ẹjọ́ màmá wa kò le.

Ìpín yìí kan náà ni ó kan ọ̀pọ̀ ẹ̀yin tí ẹ ń ka ìwé yìí, nítorí pé oníṣòwò ni yín. A mọ àkọlé yẹn tí ó máa ń wà lára ògiri, "Ọjà tí a bá tà, a kì í gbà á padà, a kì í dá owó padà." Àjọ FCCPC ti sọ ọ́ ní gbangba pé irú àkọlé bẹ́ẹ̀ kò bá òfin mu. Kò lè gba ẹ̀tọ́ lọ́wọ́ ẹni tí a ta ọjà tí ó bàjẹ́ fún. Lọ́sẹ̀ tí ó kọjá, a rí i nínú ṣọ́ọ̀bù àwọn ọmọ ẹgbẹ́ wa mẹ́ta. A kò ní dárúkọ wọn. (Ọ̀kan nínú wọn wà nínú ìgbìmọ̀.)

Ẹ má sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni ka èyí tán kí ó wá ro pé ó ti rí ọ̀bẹ gbà. Ẹni tí ó fi ọwọ́ ara rẹ̀ yan PS5 nígbà tí PS4 ni ó wà nílé rẹ̀, tàbí tí ọmọ rẹ̀ gbá gèémù lọ́jọ́ méjì tí ó ní kò dùn, ẹ̀bẹ̀ ni kí olúwa rẹ̀ lọ bẹ̀, kì í ṣe ẹ̀tọ́. "Àsìkò tí ó bójú mu" náà kì í ṣe oṣù mẹ́fà. Ọjọ́ tí ẹ rí àléébù náà ni kí ẹ kọ̀wé.

Ti gèémù tí kò ní páálí rárá, tí wọ́n ń fà wá tààrà sínú ẹ̀rọ láti orí íntánẹ́ẹ̀tì, tún yàtọ̀. Ní ọjà Sony fúnra wọn, ẹ ní ọjọ́ 14 láti gba owó yín, ṣùgbọ́n bí ẹ bá ti bẹ̀rẹ̀ sí í fà á sínú ẹ̀rọ, ó ti bọ́, àfi tí gèémù náà bá ní àléébù. Ní Steam, tí ó jẹ́ ọjà gèémù orí kọ̀ǹpútà, ọjọ́ 14 náà ni láti 2015, wọ́n sì gbà pé kí ènìyàn tọ́ ọ wò, bí àkókò tí ó fi gbá a kò bá ti tó wákàtí méjì. Wọn kì í ṣe bẹ́ẹ̀ tẹ́lẹ̀. Ní 2014 ni àjọ tí ń dáàbò bo olùrà ní Ọsirélíà ti gbé ilé-iṣẹ́ Valve tí ó ni Steam lọ sí ilé ẹjọ́, pé wọ́n ń sọ fún àwọn ènìyàn pé kò sí ìdápadà owó nígbà tí òfin ilẹ̀ náà ní ó wà. Ní 2016 ilé ẹjọ́ dá wọn lẹ́bi, wọ́n sì ní kí wọ́n san ìtanràn mílíọ̀nù mẹ́ta dọ́là Ọsirélíà.

Ẹ tún gbọ́ èyí. Gèémù kan tí wọ́n ń pè ní Cyberpunk 2077 jáde ní ọjọ́ 10 oṣù kejìlá 2020. Àwọn tí ó gbá a lórí PS4 rí i pé ó ń dá dúró, ó ń ta kókó. Kí ọ̀sẹ̀ méjì tó pé, Sony gbé e kúrò nínú ọjà rẹ̀, ó sì ní òun yóò dá owó padà fún gbogbo ẹni tí ó rà á níbẹ̀. Àwọn wọ̀nyẹn ti fà á sínú ẹ̀rọ, wọ́n ti gbá a. Oṣù kẹfà 2021 ni wọ́n tó dá a padà sí ọjà.

Àbúrò wa tí ń ta gèémù wá bá wa nílé lẹ́yìn ìpàdé, ó sì sọ ohun tí kò ráyè sọ níbẹ̀. Ó ní gbígbà ọjà padà kọ́ ni ìṣòro òun gan-an. Bí òun bá gbà á, ọ̀dọ̀ ta ni òun ó gbé e lọ? Ẹni tí ó ń kó o wọlé láti Dubai kì í gba ohunkóhun padà lọ́wọ́ òun. A rò pé ibí yìí ni bàtà ti ń ta ẹsẹ̀. Ní Amẹ́ríkà, àwọn oníṣọ́ọ̀bù máa ń dá ọjà tí kò tà padà sí ọ̀dọ̀ ẹni tí ó ṣe é. Ní 1982, ilé-iṣẹ́ Atari sáré ṣe gèémù kan láti inú fíìmù E.T., láàrin ọ̀sẹ̀ márùn-ún péré ni ẹni tí ó ṣe é fi parí rẹ̀. Wọ́n tẹ̀ ẹ́ jáde lọ súà. Kò tà. Àwọn oníṣọ́ọ̀bù dá a padà, ó sì di ẹrù lọ́rùn Atari. Ní oṣù kẹsàn-án 1983, wọ́n fi ọkọ̀ akẹ́rù kó gèémù lọ sí ààtàn kan ní Alamogordo, nínú aṣálẹ̀ New Mexico, wọ́n bò ó mọ́lẹ̀. Ní oṣù kẹrin 2014 ni wọ́n lọ hú u jáde, E.T. wà nínú ohun tí wọ́n bá níbẹ̀. Níbẹ̀, ẹni tí ó ṣe ọjà tí kò dára ni ó ru òfò náà. Nílé wa níbí, ẹni tí ó wà láàrin ni ó ń rù ú.

Nítorí náà a gba àbúrò wa nímọ̀ràn pé kí ó tó tún sanwó fún ẹni Dubai, kí wọ́n jọ kọ ọ́ sílẹ̀ pé síídì tí kò bá ṣiṣẹ́ láàrin ọ̀sẹ̀ kan yóò padà. Ẹni náà kò tíì gbà. Ó gbà pé òun yóò máa pààrọ̀ ọ̀kan nínú mẹ́wàá. Ó sàn ju òfo lọ.

Àbúrò wa ti ń ṣe ohun mìíràn báyìí. Àwọn nọ́ńbà kan wà tí wọ́n tẹ̀ sí àárín síídì, lẹ́bàá ihò rẹ̀. Bí oníbàárà bá sanwó, ó ń já ọ̀rá lójú rẹ̀, ó ń kọ ohun tí ó wà níbẹ̀ sínú ìwé, ó ń ti síídì bọ inú ẹ̀rọ tí ó wà ní ṣọ́ọ̀bù kí oníbàárà rí i pé ó ń ṣiṣẹ́, àwọn méjèèjì á sì fọwọ́ sí i. Ẹni tí ó bá fẹ́ kí ọ̀rá wà lára rẹ̀ nítorí pé ẹ̀bùn ni, ó ń kọ ìyẹn náà sí rìsíìtì. Ó ti yọ àkọlé ara ògiri rẹ̀.

Ẹ̀yin tí ẹ ń rà, kí ẹ tó sanwó, ẹ fi fóònù yín ya àwòrán ojú ìwé tí ọjà náà wà, kí orúkọ rẹ̀, iye rẹ̀ àti irú ẹ̀rọ tí wọ́n kọ hàn. Bí wọ́n bá gbà kí ẹ sanwó nígbà tí ọjà bá dé, ẹ ṣe bẹ́ẹ̀. Bí ọlọ́kadà bá dé, ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi oníbàárà yín sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú méjì. Ẹ ka ohun tí ó wà lára páálí kí ẹ tó fi ọwọ́ kan ọ̀rá. Nígbà tí ẹ bá fẹ́ já a, ẹ jẹ́ kí ẹnì kan máa fi fóònù ya fídíò rẹ̀ láìdáwọ́ dúró, láti ìgbà tí ọ̀rá wà lára rẹ̀ títí síídì yóò fi bọ inú ẹ̀rọ. Àwọn ọmọ ilé mọ̀ ọ́n ṣe jù wá lọ. Kí ẹ sì fi ọmọ tí inú rẹ̀ ń dùn jìnnà sí páálí ná.

Ní ti màmá wa, àwòrán ojú ìwé kò sí lọ́wọ́ rẹ̀, ṣùgbọ́n iṣẹ́ tí wọ́n fi ránṣẹ́ sí i lórí fóònù nígbà tí ó sanwó ṣì wà níbẹ̀, PS4 sì ni wọ́n kọ sínú rẹ̀. A bá a kọ lẹ́tà kan lórí ìwé ẹgbẹ́. A sọ ohun tí ó rà, ohun tí wọ́n gbé wá àti ọjọ́ tí ó kọ́kọ́ pè wọ́n, a tọ́ka sí ìpín 122, a sì ní bí a kò bá gbọ́ láàrin ọjọ́ méje, FCCPC ni lẹ́tà tí ó kàn yóò lọ. A kò bú ẹnikẹ́ni. Ní ọjọ́ karùn-ún wọ́n pè é. Wọ́n ní àwọn yóò pààrọ̀ rẹ̀, ṣùgbọ́n kí ó san ₦3,000 fún owó ọkọ̀. Màmá ní ẹni tí ó ṣi ọjà gbé ni kí ó san owó ọkọ̀. Wọ́n tún pè ní ọjọ́ kejì, wọ́n ti yọ ọ́. Owó rẹ̀ ni ó wù ú kí ó gbà, ẹ̀tọ́ rẹ̀ sì ni, ṣùgbọ́n nítorí ọmọ, ó gba síídì PS4. Nígbà tí ó fi máa dé, ilé-ìwé ti wọlé, gèémù náà sì wà nínú àpótí àǹkárá rẹ̀ títí di ìgbà ìsinmi.

Ẹni tí irú ọ̀rọ̀ yìí bá wà lọ́rùn rẹ̀, kí ó mú rìsíìtì àti fóònù rẹ̀ wá sí ọ́fíìsì ẹgbẹ́ ní ọjọ́ Ẹtì èyíkéyìí lẹ́yìn aago mẹ́rin. Ìṣirò owó ẹ̀yáwó tí a kò kà tán ni a ó fi bẹ̀rẹ̀ ìpàdé tí ó ń bọ̀, ẹ jọ̀wọ́ ẹ tètè dé.